Ìpè Láti Ẹ̀yìn Kànga

Rothenburgsort, Hamburg
Ọjọ́ kejìlélógún oṣù Kẹsàn-án, ọdún 2024

Màmá mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀ kí yín o. Ẹ kú ilé, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ṣé orúnkún yín ti ń gbọ́ràn? Ṣé òrùlé yàrá ẹ̀yìn ò jò mọ́? Ara mi le, mò ń jẹun, ìbọ̀sẹ̀ méjì ni mo sì ń wọ̀ papọ̀, ẹ má ṣèyọnu.

Mo mọ̀ pé inú ń bí yín pé mo kó kúrò lọ́dọ̀ Àǹtí Bùkọ́lá ní Berlin láì kọ́kọ́ sọ fún yín. Inú bí Àǹtí náà. Àmọ́ kíláàbù ló pè mí, Màmá. Kíláàbù obìnrin ni, ní Wilhelmsburg, erékùṣù kan tí omi Elbe yí ká. Elbdeich ni wọ́n ń jẹ́. Kì í ṣe irú àwọn tí ẹ máa ń rí lórí tẹlifíṣọ̀n o. Owó díẹ̀ ni wọ́n ń fún wa, kò tó jẹun, torí náà oníkálukú ló ní iṣẹ́ tó ń ṣe. Kápítẹ́ẹ̀nì wa ń yan búrẹ́dì. Aṣọ́lé wa ń wa bọ́ọ̀sì. Èmi ń ká aṣọ bẹ́ẹ̀dì àwọn òtẹ́ẹ̀lì ní ilé ìfọṣọ kan tí kò jìnnà sílé. Tí a bá ṣíwọ́, a ó wọ S-Bahn, ọkọ̀ ojú irin wọn, kọjá omi, a ó lọ gbá bọ́ọ̀lù. Ní gbogbo ọjọ́ Sọ́ńdè, aago mẹ́ta ọ̀sán, la máa ń bá kíláàbù mìíràn díje.

Wọn ò tíì gbà mí tán o. Elias, kóòṣì wa, sọ pé oṣù Kejìlá ni wọ́n máa sọ bóyá màá fọwọ́ síwèé tàbí màá padà sí Berlin. Ó ní ẹsẹ̀ mi dáa, orí mi pé, etí mi ni ìṣòro. Ẹ̀yìn ni mò ń gbá, èmi ni mò ń dènà níwájú aṣọ́lé. Èèyàn ò lè rí ohun tó wà lẹ́yìn ara ẹ̀, ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ ló máa bá a rí i, tí á pariwo "Hintermann!", ìyẹn ni pé ẹnì kan ti dé ẹ̀yìn ẹ. Tí wọ́n bá ti pè mí bẹ́ẹ̀, kí n dáhùn, kí n ṣe ohun tí wọ́n wí kíá. Àmọ́ èmi, tí wọ́n bá pè mí láti ẹ̀yìn, ṣe ni mo máa ń dákẹ́, màá yí padà, màá wo ojú ẹni tó pè mí ná. Kí n tó wò ó tán, bọ́ọ̀lù ti lọ.

Ẹ̀yin lẹ fà á, Màmá. "Má jẹ́ ìpè ẹni tí o kò rí." Láti kékeré lẹ ti ń sọ ọ́ sí mi létí, ó ti wọ̀ mí lára. Mo bẹ̀ yín, ẹ yọ̀ǹda mi. Ẹ ṣáà kọ ọ́ sínú lẹ́tà pé lórí pápá, mo lè jẹ́ ìpè láì bojú wẹ̀yìn. Mo mọ̀ pé ẹ máa rẹ́rìn-ín mi, àmọ́ tí ẹ ò bá fún mi láṣẹ, ẹnu mi ò ní ṣí.

Bọ̀dá Gbọ́láhàn tó ń kó ẹrù ránṣẹ́ sílé láti Wilhelmsburg ló máa fi lẹ́tà yìí rán ẹni tó ń bọ̀. Ì bá yá jù báyìí lọ ká ní ẹ gbà kí n ra fóònù fún yín. Ẹ fi dòdò Ìkirè ránṣẹ́ sí mi, ẹ jọ̀ọ́.

Èmi ni, Dúródọlá yín, tí òtútù ò tíì pa.


Ìkirè
Ọjọ́ kẹwàá oṣù Kẹwàá, ọdún 2024

Dúródọlá ọmọ mi,

Mo gba lẹ́tà rẹ. Mo kọ́kọ́ dúpẹ́ pé o wà láàyè, kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í bá ọ jà. Ilé wà bí o ṣe fi í sílẹ̀, orúnkún mi náà wà bí o ṣe fi í sílẹ̀. Ìyá Bímbọ́lá aládùúgbò wa kí ọ. Mo ti fi bírò pupa fa ìlà sábẹ́ ibi márùn-ún tí o ti gbàgbé àmì ohùn. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni mo fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ níwèé, ọmọ tèmi kò ní dójú tì mí.

O kó kúrò lọ́dọ̀ àbúrò mi láìsọ fún mi. Ó dáa. A ó sọ ìyẹn lọ́jọ́ tí a bá ríra.

Ní ti àṣẹ tí o ń tọrọ, n kò fún ọ. Màá sọ ìdí rẹ̀ torí pé o ti dàgbà, n kò sì sọ ọ́ fún ọ délẹ̀ rí.

O mọ̀ pé o ní ẹ̀gbọ́n, Yéjídé, tó kú kí n tó bí ọ. Mo máa ń sọ fún ọ pé ibà ló pa á. Ibà náà ni. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo wà ní kíláàsì mi, mò ń máàkì ìwé, ni Yéjídé bá sáré wọlé, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ. Ó ní, "Màmá, ẹ pè mí." Mo ní n kò pè é. Ó ní ẹ̀yìn kànga ilé wa ni mo ti pè é, ẹ̀ẹ̀mejì, ohùn mi ni, òun sì ti jẹ́ mi. Ó ní òun dáhùn pé "Mò ń bọ̀," àmọ́ nígbà tí òun débẹ̀, òun ò bá ẹnì kankan, òun wá rò pé mo ti padà síléèwé. Mo ní, "Yéjídé, èmi kọ́ ni mo pè ọ́." Mo ṣì ń rí bó ṣe wò mí. Alẹ́ ọjọ́ náà ni ara rẹ̀ gbóná. Ọjọ́ keje la sin ín.

Bàbá rẹ fi páánù bo ẹnu kànga náà, ó gbé òkúta lé e lórí, ó sì wà bẹ́ẹ̀ títí di òní. Ìdí tí n kò fi ń gbé fóònù náà nìyẹn. Ohùn tí kò lójú ni. Lọ́jọ́ tí o pe Ìyá Bímbọ́lá lórí èyí tó ní àwòrán, ó gbé e wá síwájú mi kí n wò ọ́. Ojú rẹ dúró gbagidi, ètè rẹ ò mì, ohùn rẹ sì ń jáde. Mo ní kó gbé e kúrò níwájú mi.

Nítorí náà, yí padà, wo ojú èèyàn kí o tó dáhùn. Tí kóòṣì rẹ kò bá lè dúró, sọ fún un pé ìyá rẹ ní kó máa gbá a fúnra rẹ̀.

Dòdò Ìkirè wà nínú ọ̀rá dúdú. Má jẹ ẹ́ tán lóòjọ́.

Ìyá rẹ, Morísọ́lá, tí bírò pupa rẹ̀ kò tíì gbẹ.


Rothenburgsort, Hamburg
Ọjọ́ kejìlá oṣù Kọkànlá, ọdún 2024

Màmá mi,

Ẹ kú ilé o. Mo dọ̀bálẹ̀ pẹ̀lú ìkúnlẹ̀ lónìí, torí mo ti ṣẹ̀ yín, ohun tí mo sì ṣe ti ń dẹ́rù bà mí.

Ọjọ́ kọkàndínlógún oṣù Kẹwàá ni lẹ́tà yín dé. Mo sunkún Yéjídé. N ò mọ bí wọ́n ṣe ń sunkún ẹni tí èèyàn ò rí rí, àmọ́ mo sun ún. Lọ́jọ́ kejì, a lọ díje ní Berlin. Bọ́ọ̀lù ń bọ̀ lókè, aṣọ́lé wa pariwo láti ẹ̀yìn mi pé kí n fi í sílẹ̀ fún òun. Mo yí padà láti wo ojú ẹ̀, bọ́ọ̀lù bá mi lórúnkún, ó wọ inú àwọ̀n tiwa. Góòlù kan ṣoṣo tí wọ́n jẹ nìyẹn, èmi ni mo sì jẹ ẹ́ fún wọn. Wákàtí mẹ́ta la fi padà sí Hamburg, kò sẹ́ni tó bá mi sọ̀rọ̀ nínú bọ́ọ̀sì. Elias ò bínú. Ó kàn ní ẹni tí kò bá gba ohùn ẹ̀yìn ẹ̀ gbọ́ ò lè gbá ẹ̀yìn. Ó fi mí sórí bẹ́ǹṣì.

Màmá, ni mo bá rú òfin yín. Ní gbogbo ọjọ́ tí a ń ṣe ìgbáradì, ẹni yòówù tó bá pè mí, mò ń dáhùn láì bojú wẹ̀yìn. Ó kọ́kọ́ ń ṣe mí bíi pé mò ń jalè. Nígbà tó yá, ó mọ́ mi lára.

Ìjẹta, ọjọ́ Sọ́ńdè, a díje nílé. Kùrukùru dìde láti inú Elbe, ó bo pápá tó fi jẹ́ pé n ò rí òpó góòlù òdìkejì. Aago mẹ́ta la bẹ̀rẹ̀, Elias ní kí n wọlé torí pé ẹnì kan ń ṣàìsàn. Kò pẹ́ tí mo gbọ́ ìró páánù. Ẹ mọ bó ṣe máa ń dún tí nǹkan bá kan etí ẹ̀, tí á máa han gooro. Kò sí páánù kankan ní pápá yẹn. Lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ ohùn kan lẹ́yìn mi: "Àwẹ̀ró! Wo ẹ̀yìn rẹ!"

Yorùbá ni. Dola ni gbogbo wọn ń pè mí níbí, kò sẹ́ni tó gbọ́ Yorùbá nínú wọn. Kò sì sẹ́ni tó mọ oríkì mi ní gbogbo Jẹ́mánì, kódà Àǹtí Bùkọ́lá ò mọ̀ ọ́n. Kí n tó ronú, mo ti dáhùn. Mo ní, "Mò ń bọ̀!" Mo yí padà. Ọmọbìnrin kan tó wọ jẹ́sì pupa ń yọ bọ̀ látinú kùrukùru, bọ́ọ̀lù sì ń lọ bá a. Mo gbà á lẹ́sẹ̀ ẹ̀. Ẹlòmíràn ò sí lẹ́yìn mi àfi aṣọ́lé wa, ó jìnnà, ẹnu ẹ̀ sì pa dé.

Ẹ̀ẹ̀mẹta ni ohùn náà pè mí. Ẹ̀ẹ̀mẹtẹ̀ẹ̀ta ni ẹnì kan wà lẹ́yìn mi lóòótọ́. Àwa la borí. Wọ́n gbé mi sókè, èmi ṣì ń wo ẹ̀yìn.

Màmá, báwo ni ohùn Yéjídé ṣe rí? Ọjọ́ kẹta nìyí tí mo ti dáhùn. Ara mi ò tíì gbóná. Níbi iṣẹ́, mo máa ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ kan iwájú orí mi lábẹ́ aṣọ bẹ́ẹ̀dì kí wọ́n má bàa rí mi. Ẹ tètè kọ̀wé sí mi.

Dúródọlá yín, tó ń bẹ̀rù.


Ìkirè
Ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù Kọkànlá, ọdún 2024

Dúródọlá mi, Àwẹ̀ró mi,

Lẹ́tà rẹ dé lánàá. Mo ka ojú ewé kejì, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọjọ́ lórí ìka mi. Ó ti lé ní méje, ó ti di méjìdínlógún. N kò mọ bí mo ṣe dé ẹnu ọ̀nà Ìyá Bímbọ́lá. Mo ní kó pè ọ́, mo dúró síta, mo di etí mi. Ó jáde wá, ó ní o gbé fóònù, o ń jẹ ìrẹsì, o sì ní kí òun kí mi. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níwájú ilé onílé. Àwọn ọmọ ń wò mí.

Nígbà tí mo padà délé, mo tún lẹ́tà náà kà. Mo wá rí ọ̀rọ̀ páánù. Mo ní láti jẹ́wọ́ fún ọ.

Kì í ṣe Yéjídé. Yéjídé ti kú kí a tó bí ọ, kò mọ Àwẹ̀ró. Àwa méjì péré la mọ orúkọ yẹn, bàbá rẹ àti èmi. Bàbá rẹ ti lọ sọ́run.

Nígbà tí mo fi àṣẹ dù ọ́ nínú lẹ́tà, ọkàn mi kò balẹ̀. Mo ń rò ó pé ọmọ yìí á máa bojú wẹ̀yìn nílẹ̀ àjèjì, kò sì ní bá ẹni tirẹ̀ kankan níbẹ̀. Láti ọ̀sẹ̀ yẹn, ní gbogbo ọjọ́ Sọ́ńdè, tí mo bá ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, mo máa ń gbé àga mi lọ sẹ́yìn ilé. Tí aago mẹ́ta bá lù, màá gbọ́wọ́ lé páánù kànga, màá pè ọ́ lẹ́ẹ̀mẹta: "Àwẹ̀ró! Wo ẹ̀yìn rẹ!" Aago ìdíje tí o kọ sí mi ni mo tẹ̀ lé. Ibẹ̀ ni ohùn tí kì í ṣe tèmi ti pe ọmọ mi. Mo fẹ́ kó jẹ́ ibẹ̀ náà ni ohùn tèmi á ti máa pe ọmọ mi. Ìyá Bímbọ́lá rò pé orí mi ti ń yí. Àwọn adìyẹ ti sá kúrò níbẹ̀. Mo rò pé mo kàn ń pariwo sáfẹ́fẹ́ ni, n kò mọ̀ pé ó ń débì kan.

Bímbọ́lá ṣàlàyé fún mi pé ẹ máa ń dá aago yín padà tí òtútù bá dé, pé láti òpin oṣù Kẹwàá ni aago yín àti tiwa ti jọ ń lù papọ̀. Ìdí nìyẹn tí o kò fi gbọ́ mi tẹ́lẹ̀, bó bá jẹ́ pé ìdí wà fún irú nǹkan báyìí.

Èmi ni, ọmọ mi. O lè jẹ́ ìpè yẹn. Òun nìkan ni o. Ṣé ohùn mi kò le jù?

Ìyá rẹ tó ń pè ọ́, Morísọ́lá.


Rothenburgsort, Hamburg
Ọjọ́ kejìlélógún oṣù Kejìlá, ọdún 2024

Màmá mi, Màmá mi, Màmá mi,

Ẹ kú ìpè o! Ẹ kú àdúrótì! Mo ka lẹ́tà yín nínú S-Bahn, mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi, bàbá kan fún mi ní tíṣù. Ẹ̀yin tí ẹ ní kí n má jẹ́ ìpè ni ẹ wá ń pè mí látẹ̀yìn kànga. Ohùn yín ò le jù. Ohùn tí ẹ fi máa ń pè mí wọlé wá jẹun náà ni.

Mo ti fọwọ́ síwèé! Ọdún méjì ni wọ́n kọ síbẹ̀. Elias ní òun ò mọ ẹni tó la etí mi. Mo ní ìyá mi ni, ó rò pé oògùn lẹ fi ránṣẹ́. Ẹ mọ̀ pé n ò jẹ́ rọ́ ọ̀rọ̀ kànga fún un.

A ti lọ sinmi báyìí nítorí òtútù, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kejì la máa bẹ̀rẹ̀. Ẹ sinmi ohùn yín títí dìgbà náà.

Ohun kan ló wà lọ́kàn mi. Tí ẹ bá pè mí, tí mo bá ní "Mò ń bọ̀," ṣé ó ń dé ọ̀dọ̀ yín? Ó ń dùn mí pé ẹ̀yin nìkan lẹ ń pè. Ẹ máa fetí sílẹ̀ lẹ́yìn tí ẹ bá pè mí tán. Bóyá ẹ ó gbọ́ mi.

Àwẹ̀ró yín, tó ti níwèé lọ́wọ́.


Ìkirè
Ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù Kejì, ọdún 2025

Àwẹ̀ró ọmọ mi,

Ayọ̀ kún inú mi, n kò tilẹ̀ fa ìlà pupa kankan sí lẹ́tà rẹ.

O ní kí n máa fetí sílẹ̀. Mo ń fetí sílẹ̀. Mo pè ọ́ ní Sọ́ńdè tó kọjá, mo tẹ̀ba lórí páánù bí ẹni tó ń wá abẹ́rẹ́, n kò gbọ́ nǹkan kan. Àmọ́ lánàá, mo pè ọ́ lẹ́ẹ̀mẹta, mo ti gbé àga mi kí n máa wọlé, ni páánù náà bá dún. Atẹ́gùn kò fẹ́. Mo wá gbọ́ ọ láti ẹ̀yìn kànga: "Màmá mi!" Ẹ̀ẹ̀mejì. Ìwọ gan-an ni, bí o ṣe máa ń fa ìparí rẹ̀ gùn tí ebi bá ń pa ọ́.

Dúródọlá, n kò wo ojú ẹnikẹ́ni. Èmi tí mo ti ń lé gbogbo ọmọ àdúgbò yìí kiri lórí ọ̀rọ̀ ìpè jíjẹ́, mo ké bí ọmọdébìnrin, mo ní, "Mò ń bọ̀ o, ọmọ mi!" Mo yí kànga náà po, kò sẹ́nì kankan, mo sì mọ̀ pé kò lè sí, torí pé Hamburg ni o wà. Ẹ̀rù kò bà mí rárá. Ó ti pẹ́ tí mo ti sùn dáadáa bíi ti àná.

Ara mi gbóná díẹ̀ láàárọ̀ yìí. Ọyẹ́ ni.

Kí lo pè mí fún? Ṣé ẹ borí ni? Mo ti yọ̀ǹda rẹ báyìí. Ẹni tó bá pè ọ́, jẹ́ ẹ. Ó dùn púpọ̀ láti jẹ́ ìpè.

Ìyá rẹ tó gbọ́ ọ, Morísọ́lá.


Rothenburgsort, Hamburg
Ọjọ́ keje oṣù Kẹta, ọdún 2025

Màmá,

Òní ni lẹ́tà yín dé. Ẹ foríjì mí, n ò lè kí yín tẹ́lẹ̀.

Ọjọ́ Sọ́ńdè tí ẹ ń sọ yẹn, a ò gbá bọ́ọ̀lù. Yìnyín bo pápá, wọ́n fagi lé e. Moabit, ní Berlin, ni mo wà lọ́dọ̀ Àǹtí Bùkọ́lá, wọ́n ń dirun fún mi. Ní aago mẹ́ta, mo jókòó sílẹ̀ láàárín ẹsẹ̀ wọn, oorun gbé mi lọ. Mo ti pè wọ́n lónìí, mo bi wọ́n lẹ́ẹ̀mẹta, wọ́n ní n ò la ẹnu mi.

Màmá, èmi kọ́ ni mo pè yín.

Ọjọ́ kọkàndínlógún nìyí tí ẹ ti dáhùn. A ti gbá ọjọ́ Sọ́ńdè méjì lẹ́yìn ìyẹn. Mo fetí sílẹ̀ ní aago mẹ́ta, n ò gbọ́ páánù, n ò gbọ́ yín. Mo rò pé ọyẹ́ ni ò jẹ́ kí ẹ jáde. Lọ́jọ́ kejì oṣù yìí, ẹnì kan gba ẹ̀yìn mi kọjá, n ò mọ̀ títí bọ́ọ̀lù fi wọ àwọ̀n. Elias ní etí mi ti tún dí.

Láti ọ̀sán ni mo ti ń pe fóònù Ìyá Bímbọ́lá. Ó ń dún. Ẹnikẹ́ni ò gbé e. Mo pe ti Bímbọ́lá, ó ń dún náà. Àǹtí ti rí àyè fún àwa méjèèjì nínú ọkọ̀ òfuurufú ọjọ́ Túsìdeè. Bọ̀dá Gbọ́láhàn ní ẹnì kan ń lọ lálẹ́ òní, mo sì ní kó mú lẹ́tà yìí dání kó lè ṣáájú mi dé ọ̀dọ̀ yín. Tí ẹ bá rí i, ẹ má padà sẹ́yìn ilé mọ́. Ẹ má fèsì fún ẹnikẹ́ni níbẹ̀, ìbáà jẹ́ èmi.

Àmọ́ ọ̀túnla ni Sọ́ńdè, Màmá. Màá wà lórí pápá ní aago mẹ́ta, màá kẹ̀yìn sí gbogbo wọn. Ẹ jọ̀ọ́, ibi yòówù tí ẹ bá wà, ẹ pè mí. Ẹ̀ẹ̀kan péré. Ohùn yòówù tó bá sọ pé Àwẹ̀ró, n ò ní bojú wẹ̀yìn, n ò ní bi í pé ta ni. Màá jẹ́ ẹ.

Àwẹ̀ró yín.